Bísímílà Lórí Fúláwà: Ohun Tí A Kọ́ Nínú Ilé Ìdáná Kan ní Albáníà



Bí obìnrin bá ti ìrìn-àjò dé, aṣọ, bàtà àti àwòrán ni àwọn ará ilé máa ń retí nínú àpótí rẹ̀. Èmi lọ sí ilẹ̀ Albáníà, mo kọ́ oúnjẹ méjì bọ̀, mo sì ru ìtìjú kan bọ̀ pẹ̀lú. Gbogbo rẹ̀ ni mo fẹ́ sọ fún yín lónìí, nítorí ó dá mi lójú pé ìtìjú náà kò mọ sí ilé tèmi nìkan.

Ọmọ mi obìnrin ni ó mú mi lọ. Ìlú Lọ́ńdọ̀nù ni ó ti ń ṣiṣẹ́. Ó ní kí èmi àti òun jọ sinmi fún ọ̀sẹ̀ kan níbi tí a ó ti máa gbọ́ ìpè ìrun. Mo rò pé ilẹ̀ Lárúbáwá ni ó ń sọ. Ó ní, “Rárá o, Màámi, Yúróòpù ni. Albáníà ni wọ́n ń pè é.”

Ilẹ̀ Albáníà kò tóbi. Òkun ni ó là á láàárín òun àti Ítálì, ilẹ̀ Gíríìsì sì wà ní gúúsù rẹ̀. Nígbà tí wọ́n ka àwọn ará ibẹ̀ ní ọdún 2023, wọn kò ju bíi mílíọ̀nù 2.4 lọ. Nínú 100 ènìyàn, bíi 46 ni ó pe ara wọn ní Mùsùlùmí, bíi 5 mìíràn sì jẹ́ ti ìjọ Bektashi, tí í ṣe ìjọ súfì. Àwọn Tọ́kì ni ó jọba lé wọn lórí fún ọ̀pọ̀ ọdún títí di ọdún 1912 tí wọ́n gba òmìnira, ìgbà náà ni Ìsìláàmù sì tàn kálẹ̀ láàárín wọn.

Ìlú Olójú-Fèrèsé

Berat ni a dé sí. Ní ọdún 1417 ni àwọn Tọ́kì gba ìlú náà. Odò Osum ni ó ń ṣàn gba àárín rẹ̀ kọjá, àwọn ilé funfun sì gun orí òkè ní ẹ̀gbẹ́ odò méjèèjì, ọ̀kan lórí èkejì, tí gbogbo fèrèsé wọn kọjú sí ara wọn bí ẹni tí ń ṣọ́ ara wọn. Nítorí náà ni wọ́n fi ń pè é ní Ìlú Ẹgbẹ̀rún Fèrèsé. Ní ọdún 2008 ni àjọ UNESCO kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ àwọn ibi tí gbogbo ayé gbọ́dọ̀ tọ́jú. Odi àtijọ́ kan wà ní òkè pátápátá tí wọ́n ń pè ní Kala. Títí di òní olónìí ni ènìyàn ń gbé nínú odi náà, tí wọ́n ń sá aṣọ, tí wọ́n sì ń dáná níbẹ̀.

Nínú odi yìí ni màmá kan ti ń kọ́ àwọn àlejò ní oúnjẹ sísè nínú ilé ara rẹ̀. Ọmọ mi ti ránṣẹ́ ṣáájú pé Mùsùlùmí ni wá, pé a kì í jẹ ẹlẹ́dẹ̀, a kì í sì í mu ọtí. Ẹ̀yin tí ẹ bá fẹ́ rin irú ìrìn-àjò bẹ́ẹ̀, ẹ má ṣe fi èyí jáfara. Bí Mùsùlùmí ti pọ̀ tó ní Albáníà, ọtí líle kan wà tí wọ́n ń pè ní raki, òun ni ọ̀pọ̀ ilé sì fi ń ṣe àlejò. Ẹni tí ó bá sọ tirẹ̀ ṣáájú, kò ní dójú ti onílé, onílé kò sì ní dójú tì í.

A bọ́ bàtà sí ẹnu ọ̀nà. Màmá jáde sí wa, wọ́n so ìborùn funfun mọ́rí, wọ́n gbé ọwọ́ ọ̀tún lé àyà, wọ́n ní, “Mirë se vini,” ìyẹn ni pé, ẹ kú àbọ̀. Wọ́n gbé omi tútù fún wa, kọfí dúdú nínú ife kékeré, àti ọ̀pọ̀tọ́ tí wọ́n sè nínú ṣúgà títí ó fi ń dán. Ìyàwó ọmọ wọn ni ó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, òun ni ó sì ń túmọ̀ fún wa. Wọ́n so épúròònù mọ́ wa nídìí, wọ́n bu omi kí a fọwọ́, iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀.

Ọwọ́ ni Ìwé Wọn

Oúnjẹ àkọ́kọ́ ni byrek, tí àwa lè pè ní bírẹ́ẹ̀kì. Fúláwà ni wọ́n fi ń ṣe é. Wọ́n á nà án fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ bí aṣọ léèsì, wọ́n á tẹ́ ọ̀kan lé ọ̀kan nínú àwo yíyan, wọ́n á sì fi ẹ̀fọ́ àti wàrà sí agbede-méjì. Kò sí ilé kan ní Albáníà tí a kì í tí í jẹ ẹ́. Wọ́n ń jẹ ẹ́ láàárọ̀, wọ́n ń jẹ ẹ́ lọ́sàn-án, wọ́n ń tà á ní ẹ̀bá ọ̀nà, wọ́n sì ń gbé e síwájú àlejò.

Màmá da fúláwà sórí tábìlì, wọ́n wa ihò sí àárín rẹ̀, wọ́n bu iyọ̀ sí i, wọ́n kán òróró díẹ̀, wọ́n wá ń da omi lílọ́wọ́ọ́rọ́ sí i díẹ̀díẹ̀. Ọmọ mi ti mú ìwé àti kálámù dání. Ó ní, “Màmá, omi náà yóò tó ife mélòó?” Màmá rẹ́rìn-ín. Wọ́n fi ìka méjì tí fúláwà wà lára rẹ̀ di ìsàlẹ̀ etí wọn mú, wọ́n ní, “Títí yóò fi rọ̀ báyìí.” Wọ́n ní kí ọmọ náà di etí tirẹ̀ mú, kí ó tún fọwọ́ kan fúláwà. Ó ṣe bẹ́ẹ̀. Ó sì gbé kálámù sílẹ̀.

Wọ́n po fúláwà náà títí ó fi dán, wọ́n fi aṣọ bò ó fún bí ìlàjì wákàtí kí ó sinmi. Nígbà tí ó tó àkókò àti gé e, Màmá gbé ọ̀bẹ sókè, ètè wọn mì, mo sì gbọ́ ọ̀rọ̀ kan tí ìyàwó ilé kò nílò láti túmọ̀ fún mi. “Bismilah.” Èmi àti ọmọ mi wo ara wa lójú. Bí ènìyàn bá jìnnà sílé tó bẹ́ẹ̀, tí ó wá gbọ́ ọ̀rọ̀ tí ìyá rẹ̀ fi ń ṣí ìkòkò, ọkàn rẹ̀ yóò sọ kúlú.

Wọ́n gé e sí ọ̀nà 10, márùn-ún fún ìsàlẹ̀, márùn-ún fún òkè. Igi tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí ó gùn ju apá ènìyàn lọ, tí wọ́n ń pè ní okllai, ni wọ́n fi ń nà án. Wọn a bu ìyẹ̀fun àgbàdo wọ́n ọn kí ó má baà lẹ̀, wọn a wé e mọ́ igi, wọn a yí i, wọn a tún tú u. Láìpẹ́, ohun tí kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ ti fẹ̀ tó tíréè ńlá, bí ènìyàn bá sì ti ọwọ́ bọ abẹ́ rẹ̀, yóò rí òjìji ọwọ́ náà.

Ó kan ọmọ mi. Ó na àkọ́kọ́, ó ya. Ó na èkejì, ó ya láti etí dé etí. Ó ní, “Ọwọ́ mi kò mọ iṣẹ́ ilé ìdáná.” Èmi rẹ́rìn-ín, mo ní, “Ẹ máa wo ọmọ Lọ́ńdọ̀nù! Oúnjẹ inú agolo ni ó mọ̀ ọ́n ṣí.” Mo rò pé ọ̀rọ̀ àwàdà ni mo sọ. Ìyàwó ilé túmọ̀ rẹ̀ fún Màmá. Màmá kò rẹ́rìn-ín. Wọ́n wò mí jẹ́jẹ́, wọ́n béèrè pé, “Ta ni ó yẹ kí ó kọ́ ọ?”

Ẹ̀yin ìyá, mi ò rí èsì fọ̀.

Màmá lọ dúró sí ẹ̀yìn ọmọ mi, wọ́n gbé ọwọ́ méjèèjì lé ọwọ́ rẹ̀ lórí igi náà, àwọn méjèèjì sì ń yí i pọ̀. Ẹ̀kẹta kò ya. Mo béèrè bóyá kí a kó àwọn tí ó ti ya dànù. Wọ́n ní rárá, àárín ni wọ́n ń tẹ́ irú rẹ̀ sí, níbi tí àwọn tí kò ya yóò ti gbé e dúró lókè àti nísàlẹ̀.

Wọ́n fi òróró pa ojú ọ̀kọ̀ọ̀kan bí wọ́n ti ń tẹ́ ẹ. Wọ́n ti rẹ́ ẹ̀fọ́ wẹ́wẹ́, wọ́n ti fi iyọ̀ ra á, wọ́n sì ti fún omi rẹ̀ kúrò kí ó má baà sọ fúláwà di rìrọ̀. Wọ́n po ó mọ́ àlùbọ́sà eléwé, ẹyin, àti gjizë, tí í ṣe wàrà rírún bí wàrà àwọn Fúlàní wa. Wọ́n tẹ́ ẹ sí agbede-méjì, wọ́n fi ìyókù fúláwà bò ó, wọ́n ká etí rẹ̀ yípo bí ẹni ń ṣẹ́ etí aṣọ, wọ́n sì tì í bọ inú ààrò.

Ọdún Tí Wọ́n Ti Mọ́sáláṣí

Bí bírẹ́ẹ̀kì ti ń jóná nínú ààrò, mo bi Màmá léèrè ẹni tí ó kọ́ wọn. Wọ́n ní ìyá wọn ni. Lẹ́yìn náà ni wọ́n sọ ìtàn tí mo ń gbé kiri títí di òní.

Ẹ ó rántí pé lẹ́yìn ogun àgbáyé kejì, Enver Hoxha àti ẹgbẹ́ Kọ́múníìsì rẹ̀ ni ó gba ìjọba Albáníà. Ní ọdún 1967, ìjọba náà fi òfin de ẹ̀sìn pátápátá. Ilé ìjọsìn tí wọ́n tì lé ní 2,000, àti mọ́sáláṣí àti ṣọ́ọ̀ṣì. Wọ́n wó òmíràn, wọ́n sọ òmíràn di ilé ìkẹ́rù-sí. Díẹ̀ nínú àwọn ti Berat bọ́ lọ́wọ́ wíwó nítorí pé ìjọba ti ka ìlú náà sí ìlú àfiṣèrántí láti ọdún 1961, ṣùgbọ́n bí ilé ti dúró, kò sí ẹni tí ó jẹ́ kírun nínú rẹ̀. Wọ́n ju àwọn àlùfáà sẹ́wọ̀n. Nígbà tí ó di ọdún 1975, ìjọba tún pàṣẹ pé kí àwọn tí orúkọ wọn kò bá ìlànà ìjọba mu, títí kan orúkọ ẹ̀sìn, pààrọ̀ rẹ̀.

Màmá jẹ́ ọmọ ọdún 8 nígbà tí wọ́n ti mọ́sáláṣí. Wọ́n ní bí oṣù ààwẹ̀ bá dé, wọ́n a máa pín oúnjẹ fún àwọn ọmọ ní ilé-ìwé lọ́sàn-án gangan, kí wọ́n lè mọ ilé tí ọmọ rẹ̀ kò jẹun. Ìyá wọn a wí fún wọn láàárọ̀ pé, “Ọmọdé ni ọ́, ààwẹ̀ kò tíì di dandan fún ọ. Bí wọ́n bá fún ọ, jẹ ẹ́. Ọlọ́hun mọ ohun tí ó wà nínú ilé wa.”

Ìyá wọn fúnra rẹ̀ kò jẹun. Kò lè dá iná ní òru láti se sààrì, nítorí ìmọ́lẹ̀ fèrèsé ní ààjìn ni àmì tí aládùúgbò yóò rí, òórùn bọ́tà sì ni àmì tí yóò gbọ́. Ẹ rántí pé ìlú olójú-fèrèsé ni ìlú yìí. Nítorí náà, ọ̀sán ni yóò ti yan bírẹ́ẹ̀kì, nígbà tí gbogbo ilé ń dáná, yóò bo apá kan rẹ̀ mọ́lẹ̀, yóò sì jẹ ẹ́ ní tútù nínú òkùnkùn kí àfẹ̀mọ́júmọ́ tó dé. Ní àwọn ọdún 1980 tí oúnjẹ wọ́n, tí ènìyàn ń tò kí ilẹ̀ tó mọ́ nítorí wàrà, ìgbà mìíràn wà tí kò sí ohunkóhun nínú bírẹ́ẹ̀kì náà ju àlùbọ́sà lọ.

Màmá ní, “Kò ráyè kọ́ mi ní Àlùkùránì. Ẹ̀rù ń bà á pé mo lè kà á jáde níbi tí kò yẹ. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni ó ń sọ, jẹ́jẹ́, bí ó bá fẹ́ gé fúláwà. Mo rò pé ara bí wọ́n ti ń ṣe bírẹ́ẹ̀kì ni, bí iyọ̀ àti omi. Ó tó ogún ọdún kí n tó mọ ìtumọ̀ rẹ̀.”

Ní ọjọ́ 16 oṣù kọkànlá ọdún 1990, ní ìlú Shkodër ní àríwá, Hafiz Sabri Koçi, tí ó ti lo ohun tí ó lé ní ogún ọdún nínú ẹ̀wọ̀n, ṣíwájú ọ̀pọ̀lọpọ̀ ènìyàn kírun Jímọ̀ ní gbangba. Láti ìgbà náà ni ìlẹ̀kùn ti bẹ̀rẹ̀ sí ṣí. Ìyá Màmá ṣẹ̀mí rí i. Wọ́n ní ó bọ́ bàtà wọ mọ́sáláṣí, ó jókòó, kò sì lè rántí gbogbo ohun tí ó yẹ kí ó kà, ó kàn ń sunkún ni. Kò pẹ́ lẹ́yìn náà tí ó fi kú.

Ẹran Nínú Wàrà Kíkan

Oúnjẹ kejì ni tavë kosi, tí ó ti ìlú Elbasan wá. Tavë ni àwo amọ̀ tí a fi ń yan oúnjẹ, kos sì ni wàrà kíkan. Ìyá tí ó bá fẹ́ dán an wò ní ilé, bí wọ́n ti ṣe kọ́ wa nìyí, yóò tó ènìyàn 6.

Ẹ wá ẹran ọ̀dọ́ àgùntàn kílò 1. Ẹ fi iyọ̀, ata dúdú àti aáyù ra á, ẹ fi bọ́tà dín in, kí ẹ bu omi sí i, kí ẹ sè é títí yóò fi rọ̀. Ẹ tò ó sínú àwo yíyan, ẹ wọ́n ìrẹsì síbí ìjẹun 4 sí abẹ́ àti àárín rẹ̀, kí ẹ sì bu díẹ̀ nínú omi ẹran náà lé e. Ẹ yọ́ bọ́tà síbí 3 nínú ìkòkò mìíràn, ẹ ro fúláwà síbí 3 mọ́ ọn lórí iná jẹ́jẹ́, ẹ má jẹ́ kí ó pọ́n. Ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀, kí ó tutù díẹ̀. Ẹ wá po wàrà kíkan tí ó ki kílò 1 mọ́ ọn, ẹ lu ẹyin 5 sí i, ẹ fi iyọ̀ díẹ̀ sí i, kí ẹ sì dà á bo ẹran náà. Ẹ yan án nínú ààrò fún bíi ìṣẹ́jú 45, títí ojú rẹ̀ yóò fi wú tí yóò sì pọ́n bí ìṣáná búrẹ́dì. Ohun kan tí ẹ kò gbọdọ̀ gbàgbé ni pé wàrà náà kò gbọdọ̀ ti inú òtútù bọ́ sínú ohun gbígbóná, yóò ṣẹ́. Wàrà tí kò ní ṣúgà nínú ni kí ẹ sì rà.

A jókòó yí tábìlì ribiti kékeré kan ká, tí kò ga ju ìjókòó lọ, sofra ni wọ́n ń pè é. Bírẹ́ẹ̀kì ń ró wàràwàrà lẹ́nu. Kò sí ẹni tí ó lè mọ ibi tí fúláwà tí ó ya wà nínú rẹ̀. Wọ́n fún wa ní dhallë mu, tí í ṣe wàrà kíkan tí a fi omi àti iyọ̀ lú.

Nígbà tí a jẹun tán, Màmá bi mí bóyá mo mọ Fàtíà kà dáadáa. Mo ní mo mọ̀ ọ́n. Wọ́n ní, “Ẹ jọ̀wọ́, ẹ kà á fún ìyá mi. Èmi ti kọ́ ọ nígbà tí mo ti dàgbà, ahọ́n mi kò tíì lọ geere.” Mo kà á. Gbogbo wa tẹ́wọ́ gbàdúà. Nínú ilé yẹn, lórí òkè yẹn, ni ìtìjú mi ti kún. Kò sí ẹni tí ó fi òfin dè mí rí. Kò sí aládùúgbò tí mo sá fún. Àlùkùránì kò wọ́n ní ilé bàbá mi, iná kò sì kú nínú ilé ìdáná ìyá mi. Kí ni mo wá fi lé ọmọ mi lọ́wọ́?

Mósà Ìyá Mi

Kí a tó lọ, wọ́n dín petulla fún wa, fúláwà tí ó wú, tí wọ́n ń jẹ pẹ̀lú oyin. Wọ́n ní bí a bá bímọ ní Albáníà, wọ́n máa ń dín in fún àwọn tí ó wá kí ìyá ọmọ. Ọmọ mi jẹ ẹyọ kan, ó ní, “Màámi, èyí dà bíi mósà tí Ìyá Àgbà máa ń dín fún sàráà. Báwo ni wọ́n ṣe ń ṣe é?”

Mo ya ẹnu láti dá a lóhùn. Mo mọ̀ pé ògì ni. Mo mọ̀ pé wọ́n máa ń gbé apá kan rẹ̀ kaná. Ṣùgbọ́n báwo ni ó ṣe ń ki tó, ìwúkàrà mélòó, wákàtí mélòó ni ó fi ń sùn kí ó tó wú? Ìgbà tí ìyá mi ń po ó, ìwé ni mo ń kà. Ìgbà tí mo kàwé tán, owó ni mo fi ń rà á. Ìyá mi ti kú láti ọdún 2009. Ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ti àgbàlagbà kò wọ akèrègbè. Ìgbà tí ọwọ́ méjèèjì wà ní ilé kan náà ni wọ́n lè ran ara wọn lọ́wọ́.

Bí mo ti délé, mo tẹ àbúrò ìyá mi láago ní Ìsẹ́yìn. Mo ní kí wọ́n sọ fún mi bí a ti ń ṣe mósà, kí n kọ ọ́ sílẹ̀. Wọ́n ní, “Mo fẹ́ sọ ọ́, ṣùgbọ́n ọwọ́ mi ni ó mọ̀ ọ́n, ẹnu mi kò mọ̀ ọ́n. Ẹ máa bọ̀.”

Nígbà tí ọmọ mi wálé fún ìtúnu ààwẹ̀, àwa mẹ́ta ni a yí ọpọ́n kan ká ní Ìsẹ́yìn. Wọ́n fi ọwọ́ lé ọwọ́ mi, mo fi ọwọ́ lé ọwọ́ ọmọ mi. Ti àkọ́kọ́ mu epo, ti èkejì jóná, a fún adìẹ. Nígbà tí yóò da ẹ̀kẹta sínú òróró, mo gbọ́ tí ọmọ náà sọ ọ́, jẹ́jẹ́: “Bísímílà.”

Ẹ̀yin ìyá, iṣẹ́ kan ni mo fi rán yín ní ọ̀sẹ̀ yìí. Ẹ yan oúnjẹ kan tí ó jẹ́ pé ọwọ́ yín nìkan ni ó mọ̀ ọ́n, kí ẹ sì pe ọmọ yín wá sí ẹ̀gbẹ́ iná, ìbáà ṣe obìnrin, ìbáà ṣe ọkùnrin. Bí tirẹ̀ bá ya, ẹ má ṣe fi rẹ́rìn-ín. Ẹ tẹ́ ẹ sí àárín. Kí Ọlọ́hun fi àlùbáríkà sí ọwọ́ gbogbo wa, kí Ó sì fi orí jin àwọn ìyá wa tí ó ti lọ. Àmín.